Kí ló dé tí àwọn onípọ́ǹkì fi ń kọ iye tí wọ́n ná sára páálí àwo?

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Orin pọ́ǹkì àtijọ́ ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, orin gìtá aláriwo yẹn, ni mo ń gbọ́ lọ́wọ́, mo sì ń kà nípa àwọn tó kọ ọ́. Ohun kan ò yé mi. Ní 1977, ẹgbẹ́ kan ní Lọ́ńdọ̀n tó ń jẹ́ Desperate Bicycles kọ ọ́ sára páálí àwo wọn kejì pé gbogbo owó tí àwọn ná lórí àkọ́kọ́ kò ju £153 lọ. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ẹgbẹ́ míì tó ń jẹ́ Scritti Politti gbé tiwọn jáde, wọ́n to owó sítúdíò, owó títẹ àwo, owó bébà, gbogbo ẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ síbẹ̀, títí kan ibi tí wọ́n ti ṣe é.

Níbi tí mo wà ní Ìbàdàn níbí, olórin kì í sọ iye tó ná. Bó bá tiẹ̀ máa sọ ọ́, á kọ́kọ́ fi òdo méjì kún un. Kí làwọn wọ̀nyí ń wá? Ṣé fáàrí ni àbí ẹ̀bẹ̀?

Bàbá_Kásẹ́ẹ̀tì

Àbúrò, kì í ṣe fáàrí, kì í sì í ṣe ẹ̀bẹ̀. Wọ́n ń tú àṣírí ọjà ni.

Kó tó di ìgbà yẹn, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó bá fẹ́ gbé àwo jáde, ẹnu ọ̀nà àwọn ilé-iṣẹ́ àwo ńlá bíi EMI àti CBS ló máa lọ dúró sí. Àwọn yẹn nìkan ló mọ iye tí nǹkan jẹ́. Wọ́n á ní sítúdíò wọ́n, wọ́n á ní títẹ àwo wọ́n, wọ́n á wá gbé ìwé àdéhùn síwájú ọmọ ọlọ́mọ kó tọwọ́ bọ̀ ọ́. Ọjọ́ tí ẹnì kan ti kọ £153 síta, ọmọ tó ń bá wọn ta bàtà ní ṣọ́ọ̀bù lè jókòó ṣírò ó, kó rí i pé òun àti ọ̀rẹ́ mẹ́ta lè dá a láàrin ara àwọn.

Ẹ wo bí àwọn Desperate Bicycles ṣe ṣe é. Oṣù kẹta 1977 ni wọ́n kóra jọ, kò sì sí ohun tí wọ́n tìtorí ẹ̀ kóra jọ ju kí wọ́n gbé àwo kan jáde lọ. Wákàtí mẹ́ta ni wọ́n gbà ní sítúdíò kan ní Dalston. Bẹ́ẹ̀ ni, Dalston yìí náà, ti ọjà Ridley Road tí àwọn ìyá wa ti ń ra pọ̀nmọ́. Orin méjì ni wọ́n kọ, àwọn méjèèjì náà ni wọ́n sì tẹ̀ sí iwájú àwo, àwọn náà ni wọ́n tún tẹ̀ sí ẹ̀yìn, kí wọ́n má baà sanwó iṣẹ́ ojú méjì. Ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ni wọ́n kọ́kọ́ tẹ̀. Nígbà tó tà, èrè ẹ̀ ni wọ́n fi tẹ òmíràn, tí wọ́n sì padà sí sítúdíò. Ara páálí tí ìwọ rí yẹn náà ni wọ́n ti bi ẹni tó ra àwo léèrè pé kí ló dé tí òun náà ò tíì gbé tiẹ̀ jáde.

Àwọn Buzzcocks ti Manchester ló ṣíwájú wọn díẹ̀. Oṣù kìíní 1977 ni Spiral Scratch jáde, orin mẹ́rin. Nǹkan bíi £500 ni wọ́n yá. Kámẹ́rà tó ń ya fọ́tò jáde lójú ẹsẹ̀ ni Richard Boon tó ń bójú tó wọn fi yà wọ́n nídìí ère kan ní Piccadilly, ìyẹn ló di fọ́tò páálí. Wọ́n kọ ọ́ sẹ́yìn páálí pé ìgbà kìíní la kọ eléyìí tá a gbà á sílẹ̀, ìgbà kẹta ni ti èyí, orí àwọn kan la tún lẹ gìtá mọ́. Ẹgbẹ̀rún kan ni wọ́n kọ́kọ́ tẹ̀. Nígbà tó yá, ó wọ ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlógún.

Títí_Arlington

Ẹ kúuṣẹ́, ẹ̀gbọ́n. Ẹ jẹ́ kí n mú un wá sí àdúgbò tèmi. Virginia ni mo wà, odò Potomac nìkan ló wà láàrin àwa àti Washington, D.C. Àdúgbò wa níbí ni ilé tí wọ́n ń pè ní Dischord House wà. Bẹ́ ẹ bá gba iwájú ẹ̀ kọjá, ẹ ò ní yíjú wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Àwọn ọmọ iléèwé girama kan ní D.C. dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tó ń jẹ́ Teen Idles. Ní ìparí 1980 wọ́n tú ká. Gbogbo owó eré tí wọ́n ti gbà, wọn ò pín in rí, inú àpótí sìgá kan ni wọ́n ń kó o sí, ó tó nǹkan bíi $600. Dípò kí kálukú mú tiẹ̀ lọ, wọ́n ní káwọn fi tẹ àwo kan sílẹ̀, káwọn lè máa rántí pé àwọn ṣe é. Ian MacKaye, Jeff Nelson àti Nathan Strejcek nínú wọn ló dá ilé-iṣẹ́ àwo Dischord sílẹ̀ tí wọ́n fi gbé e jáde. Nínú sítúdíò tó wà nílé Don Zientara, ní Arlington níbí, ni wọ́n ti gba orin náà sílẹ̀.

Páálí wá kù. Owó tí wọ́n máa fi san fún èyí tí wọ́n ti lẹ̀ tán ò sí. Wọ́n mú àwo kékeré kan tó wá láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n tú àtè ẹ̀, wọ́n tẹ́ páálí ẹ̀ sílẹ̀ gbalaja, wọ́n wo bí wọ́n ṣe gé e, ìyẹn ló di bátánì. Wọ́n gba bébà tí wọ́n tẹ̀ lọ́wọ́ onítẹ̀wé, wọ́n gbé sísọ́ọ̀sì àti gúlúù, àwọn ọ̀rẹ́ jókòó yíká: ẹnì kan ń gé, ẹnì kan ń ṣẹ́ ẹ po, ẹnì kan ń lẹ̀ ẹ́. Ẹgbẹ̀rún kan! Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣe èyí tó tẹ̀ lé e àti èyí tó tún tẹ̀ lé e. Mo ti mú ọ̀kan lára ti ìgbà yẹn lọ́wọ́ rí ní ṣọ́ọ̀bù. Etí ẹ̀yìn ẹ̀ ò gún, ọ̀nà tí gúlúù gbà ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ó sì hàn pé ẹni tó lẹ̀ ẹ́ ti ń sùn lọ.

Dischord ò bá ẹgbẹ́ kankan tọwọ́ bọ̀wé títí dòní, ọ̀rọ̀ ẹnu ni. Fugazi, ẹgbẹ́ tí MacKaye wà nígbà tó yá, $5 ni wọ́n sábà máa ń gbà lẹ́nu ọ̀nà, wọn ò sì gbà kí wọ́n lé ọmọdé padà. Wọn ò ta ṣẹ́ẹ̀tì rárá, débi pé àwọn kan lọ tẹ ṣẹ́ẹ̀tì fúnra wọn, wọ́n kọ ọ́ sí i láyà pé èyí kì í ṣe ṣẹ́ẹ̀tì Fugazi.

Gbẹ́nga_ò_gbà

Ẹ̀yin àgbà, ẹ máa bínú, ẹ ti ń pọ́n wọn jù. Ẹ jẹ́ ká wo ibi tí owó ti wá. £500 ti Buzzcocks yẹn, bàbá Pete Shelley, ọ̀kan nínú ẹgbẹ́ náà, wà lára àwọn tó yá wọn. Scritti Politti, ilé òfìfo tí wọ́n já wọ̀ ní Camden ni wọ́n ń gbé, wọn ò san owó ilé. Láyé ìgbà yẹn, ẹni tí ò níṣẹ́ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń gba owó ìjọba lọ́sẹ̀-lọ́sẹ̀. Àǹtí Títí, àdírẹ́sì tó wà lára àwọn àwo Dischord àkọ́kọ́ yẹn, ilé àwọn òbí MacKaye ni.

Ẹni tó ní ilé bàbá tó lè sùn sí lè ní òun ò fẹ́ owó ilé-iṣẹ́ ńlá. Kí ọmọ Mushin wí bẹ́ẹ̀ ká gbọ́.

Bàbá_Kásẹ́ẹ̀tì

Ó kúkú ní ohun tó rí, mi ò ní jà á níyàn. Bí wọ́n bá fẹ́ kọ ìṣirò náà pé pérépéré, ó yẹ kí owó ìjọba àti ilé ọ̀fẹ́ wà nínú ẹ̀. £153 kì í ṣe £153 fún gbogbo èèyàn.

Ṣùgbọ́n ẹ má gbàgbé Bad Brains. Ọmọ adúláwọ̀ mẹ́rin ní D.C., orin jáàsì ni wọ́n ń lù tẹ́lẹ̀. Ní 1979, ẹgbẹ́ kan tó ń jẹ́ The Damned ní kí wọ́n wá bá àwọn ṣeré ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ta ohun tí wọ́n ní, wọ́n wọ bàlúù. Wọn ò jẹ́ kí wọ́n wọlé, torí wọn ò ní ìwé iṣẹ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti tò sí ẹ́ḿbásì rí, ẹ mọ bó ṣe ń ṣe èèyàn. Wọ́n padà sílé lọ́wọ́ òfo, ní 1980 wọ́n fúnra wọn gbé àwo wọn àkọ́kọ́ jáde, kí ti Teen Idles tó jáde. Bad Brains làwọn ọmọ òyìnbó D.C. yẹn ń wò tí wọ́n fi mọ bí wọ́n ṣe ń lù ú. Bí ìtàn bá bẹ̀rẹ̀ láti ilé òbí MacKaye, ó ti gé orí ara ẹ̀ nù nìyẹn.

Ayọ̀_Ṣómólú

😂😂 Ẹ wò ó, ní Ṣómólú níbí, àwa la ra ẹ̀rọ amúnáwá, àwa la gbẹ́ kànga, àwa la dáwó tún títì ṣe, àwa là ń sanwó ọlọ́dẹ. A ti di onípọ́ǹkì tipẹ́!

Títí_Arlington

Ayọ̀ o! Ṣùgbọ́n bí iná bá dúró lọ́la, ṣé o ò ní ta ẹ̀rọ yẹn lójú ẹsẹ̀? Àìsí ló kó tiyín bá yín. Àwọn onípọ́ǹkì wọ̀nyí, ilé-iṣẹ́ ńlá gbé owó wá bá wọn, wọ́n ní àwọn ò gbà. Ní 1993, Ahmet Ertegun tó dá ilé-iṣẹ́ Atlantic sílẹ̀ lọ bá Fugazi lẹ́yìn pèpéle ní New York. Bàbá tó bá Ray Charles àti Aretha Franklin ṣiṣẹ́! Wọ́n gbà á tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, wọ́n bá a sọ̀rọ̀, wọn ò bá a lọ.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Ẹ ṣé gan-an, gbogbo yín. Àmọ́ ṣé kì í ṣe ohun tí Sunny Ade ṣe náà nìyí? Òun àti Olóyè Abíórò ti African Songs fà á dé kóòtù, nígbà tó bọ́ níbẹ̀ ní 1974 ó dá Sunny Alade Records tiẹ̀ sílẹ̀. Àwa náà ti mọ ìyà tí márúkétà fi ń jẹ olórin tipẹ́ kí pọ́ǹkì tó dé.

Bàbá_Kásẹ́ẹ̀tì

Ìbéèrè tó dáa. KSA gba ara ẹ̀, ó tó bẹ́ẹ̀, ó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Lójú tèmi, ibi tí wọ́n ti yà síra ni pé ẹni tó bá kúrò lábẹ́ ọ̀gá nílé wa, ipò ọ̀gá ló ń lọ. Kò sóhun tó burú níbẹ̀, okòwò ni. Ti àwọn wọ̀nyí, bí wọ́n bá ti mọ ọ̀nà, wọ́n á pè é síta kí ẹlòmíì máa tọ̀ ọ́. Oṣù kìíní 1977 kan náà tí Spiral Scratch jáde, ìwé kékeré aláfọwọ́ṣe kan tó ń jẹ́ Sideburns ya ibi tí èèyàn máa fi ìka sí lára gìtá, ẹ̀ẹ̀mẹta péré, ó ní ó yá, ẹ lọ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀. Irú ìwé bẹ́ẹ̀, fótókọ́pì ni wọ́n fi ń ṣe é. Mark Perry, akọ̀wé báńkì kan, ti bẹ̀rẹ̀ Sniffin' Glue lọ́nà bẹ́ẹ̀ ní 1976.

Títí, ṣebí àdúgbò yín náà làwọn Simple Machines tó ń gbé àwo jáde wà?

Títí_Arlington

Àdúgbò wa ni, sà. Obìnrin méjì, Jenny Toomey àti Kristin Thomson. Láàrin ọdún 1990 sí 1998 ni wọ́n ń gbé àwo jáde. Àwọn èèyàn ń kọ̀wé sí wọn ṣáá pé báwo lẹ ṣe ń ṣe é, ni wọ́n bá kó ìdáhùn jọ sínú ìwé pẹlẹbẹ kan: ibi tí wọ́n ti ń tẹ àwo, iye tí wọ́n ń gbà, bí wọ́n ṣe ń kó o dé ọ̀dọ̀ alátùntà, ohun tí wọ́n máa ń gbàgbé. Wọ́n ń fi í ránṣẹ́ sí ẹni tó bá bèèrè. Nígbà tí owó nǹkan yí padà, wọ́n tún un kọ. Ẹni tó ń ta nǹkan, tó ń kọ́ èèyàn bó ṣe máa bá òun díje! Èmi ò rí irú ẹ̀ lọ́jà ibòmíì.

Gbẹ́nga_ò_gbà

Ó dùn létí. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ẹnu láìsí ìwé, a mọ ibi tó máa ń já sí. Lookout Records ní California, àwọn ló gbé àwọn àwo àkọ́kọ́ Green Day jáde. Nígbà tí Green Day di ìlú-mọ̀ọ́ká, owó àwo àtijọ́ yẹn ń ya wọlé fún Lookout bí omi, síbẹ̀ ní 2005 Green Day kó orin wọn kúrò níbẹ̀, torí ilé-iṣẹ́ náà ò san owó wọn. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ńkọ́? Rough Trade tó bẹ̀rẹ̀ bíi ṣọ́ọ̀bù ní 1976, tó wá ń pín àwo káàkiri fún àwọn ilé-iṣẹ́ kéékèèké, ẹ̀ka ìpínkiri ẹ̀ wó lulẹ̀ ní 1991, owó àwọn ilé-iṣẹ́ kéékèèké há síbẹ̀. Ọ̀rẹ́ ẹni náà lè jẹ ẹni ní gbèsè.

Dèjì_Oakland

Ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ọ̀dọ̀ mi ni. Gbẹ́nga, òótọ́ lo sọ nípa Lookout, ó dun gbogbo ìlú.

Ibi tí Green Day ti dìde ni gbọ̀ngàn eré kan tó ń jẹ́ 924 Gilman Street ní Berkeley, kò jìnnà sí mi. Alẹ́ ọjọ́ tó kẹ́yìn 1986 ni wọ́n ṣí i, àwọn Tim Yohannan ti ìwé ìròyìn Maximum Rocknroll wà nídìí ẹ̀. Wọ́n kọ òfin ẹ̀ sára ògiri: kò sí ọtí, kò sí oògùn olóró, kò sí ìjà, kò sí ẹlẹ́yàmẹ̀yà, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fojú obìnrin gbolẹ̀. Ẹ máa ra káàdì ọmọ ẹgbẹ́ kẹ́ ẹ tó wọlé, $2 ni nígbà yẹn. Ẹni tó ń gba owó lẹ́nu ọ̀nà, ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ, ẹni tó ń gbálẹ̀ lẹ́yìn eré, kò sẹ́ni tó ń gba owó oṣù. Ẹgbẹ́ tó bá sì ti wà lábẹ́ ilé-iṣẹ́ ńlá ò gbọdọ̀ ṣeré níbẹ̀. Nígbà tí Green Day tọwọ́ bọ̀wé pẹ̀lú Reprise, ilé-iṣẹ́ ńlá kan, ní 1993, wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ wọn. Ọ̀nà tí wọ́n gbà tì í náà le o, ẹnì kan tiẹ̀ kọ ọ́ sára ògiri pé kí Billie Joe, akọrin wọn, kú. Ọdún 2015 ni wọ́n tó tún ṣeré níbẹ̀.

Èmi ò gbè sẹ́yìn kíkọ tí wọ́n kọ ọ́ sára ògiri yẹn. Ọmọ tí ẹ fúnra yín tọ́! Òfin náà ni mo gbè sẹ́yìn ẹ̀, torí bí wọ́n bá fi òfin náà sílẹ̀ fún ẹnì kan, ilé-iṣẹ́ ńlá ni yóò máa yan ẹni tó máa ṣeré lálẹ́ Sátidé.

Kẹ́mi_OldKentRoad

Mo ti ń kà látàárọ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ tẹnu mi. Ọkùnrin pọ̀ nínú ìtàn yín o! Ní Olympia, ìpínlẹ̀ Washington, ní 1991, àwọn ọmọbìnrin inú ẹgbẹ́ bíi Bikini Kill àti Bratmobile ló sọ pé bẹ́ ẹ bá ní ẹnikẹ́ni lè ṣe é, kí ló dé tó jẹ́ àwa là ń bá àwọn bọ̀ọ́fúrẹ́ńdì wa di jákẹ́ẹ̀tì mú lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri? Wọ́n kọ ìwé tiwọn, wọ́n dá ẹgbẹ́ tiwọn, wọ́n ní kí obìnrin bọ́ síwájú nínú gbọ̀ngàn eré, kí ọkùnrin sún sẹ́yìn.

Ní Lọ́ńdọ̀n, ètò kan wà tó ń jẹ́ First Timers: ẹgbẹ́ tó bá máa ṣeré níbẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹgbẹ́ tuntun tí ò tíì jáde rí, kí nǹkan kan sì wà tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà ń ṣe fún ìgbà àkọ́kọ́. Ibẹ̀ ni Big Joanie ti kọ́kọ́ gbé gìtá ní 2013, ẹgbẹ́ àwọn obìnrin adúláwọ̀. Orúkọ ẹni tó ń ta báàsì fún wọn nígbà tó yá ni Estella Adeyeri, ẹ máa wo orúkọ o. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà wà lára àwọn tó bẹ̀rẹ̀ Decolonise Fest, àjọ̀dún orin pọ́ǹkì àwọn aláwọ̀ dúdú àti àwọn tí kì í ṣe òyìnbó, ní 2017, torí ó ti sú wọn kí wọ́n máa jẹ́ ẹyọ kan nínú gbọ̀ngàn.

Ní ẹ̀yìn ilé wa, ní Ormside Street, gbọ̀ngàn eré kan tó ń jẹ́ DIY Space for London wà níbẹ̀ láti 2015 di 2020. £2 lọ́dún ni wọ́n fi ń wọ ẹgbẹ́. Mo lọ ràn wọ́n lọ́wọ́. Ọmọbìnrin kan tó kéré sí mi ló kọ́ mi ní míkísà: ó fa gbogbo bọ́tìnnì wálẹ̀, ó ní kí n gbé e sókè lọ́kọ̀ọ̀kan, kí n máa sọ ohun tí mo gbọ́ tó yí padà. Kò fọwọ́ kan ẹ̀rọ náà títí mo fi ṣe tán.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ àdúgbò yẹn ẹ mọ̀ pé ṣọ́ọ̀ṣì àwọn èèyàn wa kún inú àwọn ilé ìkẹ́rùsí ibẹ̀ fọ́fọ́. Ìyá mi ń lọ sí ọ̀kan. Àga, ìlù, kápẹ́ẹ̀tì, owó ilé, àwọn ọmọ ìjọ ló dá gbogbo ẹ̀. Lálẹ́ Sátidé èmi ń ká wáyà, láàárọ̀ Sọ́ńdè àwọn ọmọ kọrin ń tú wáyà tiwọn ní ìkọjá òpópónà. Àwọn méjèèjì ò kíra wọn rí.

Ayọ̀_Ṣómólú

Àǹtí Kẹ́mi, ẹ fẹ́ sọ pé pásítọ̀ náà onípọ́ǹkì ni? 😂

Kẹ́mi_OldKentRoad

Pásítọ̀ kọ́, àwọn tó ń tò àga ni. Ní Ormside Street, ẹni tó ń tò àga lè dìde nípàdé kó ní a ò ní ṣe báyìí. Ẹ lọ dán an wò ní ṣọ́ọ̀ṣì ìyá mi.

Gbẹ́nga_ò_gbà

Eléyìí wọ̀ mí létí. Ṣùgbọ́n ibẹ̀ ti tì. Kí ni ẹ̀kọ́ míkísà wúlò fún bí kò bá sí ilé mọ́? Ilé ló máa ń pa wọ́n.

Dèjì_Oakland

Gbẹ́nga ò ní gbà láé. Òótọ́ ni pé owó ilé ló ń pa púpọ̀ nínú wọn. Ṣùgbọ́n ní New York, ilé eré àti iṣẹ́ ọnà kan tó ń jẹ́ ABC No Rio bá ìjọba ìlú fà á fún ọ̀pọ̀ ọdún, ní 2006 ìlú ta ilé Rivington Street fún wọn ní $1, kìkì pé kí wọ́n fúnra wọn wá owó tí wọ́n máa fi tún un ṣe. Ilé ti gbó kọjá àtúnṣe, wọ́n wó o ní 2017, ní 2024 wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ òmíràn sórí ilẹ̀ náà.

Gilman ṣì wà ní ṣíṣí. Wọ́n ń san owó ilé, wọ́n ń ráhùn nípa owó ilé, wọ́n ń ṣe ìpàdé. Ẹni tó bá ní káàdì lè jókòó sípàdé náà kó sì dìbò. Bẹ́ ẹ bá gba apá ibí kọjá, ẹ fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí mi níbí, màá mú yín débẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ máa bá wa gbálẹ̀ o.